Èló ni ilẹ̀ tí onílẹ̀ kò fẹ́ tà?

Bí ìjọba bá fẹ́ la ọ̀nà rélùwéè tàbí kó kọ́ pápákọ̀ òfurufú, ó lè gba ilẹ̀ onílẹ̀, yálà inú onílẹ̀ dùn sí i tàbí kò dùn. Owó gbà-má-bínú ni òfin ní kó san. Àwọn kan máa ń jà pé kí wọ́n má tilẹ̀ gba ilẹ̀ àwọn rárá, ṣùgbọ́n ìjà tó sábà máa ń pẹ́ nílé ẹjọ́ ni ìjà lórí iye owó.

Àwọn òṣìṣẹ́ á kọ́kọ́ wá wọn ilẹ̀, wọ́n á ka igi àti ilé tó wà lórí rẹ̀, wọ́n á sì dá iye kan. Ẹni tí iye náà kò bá tẹ́ lọ́rùn ló ń lọ sílé ẹjọ́, àfi kó ṣọ́ra níbi tó bá ti ń gba owó. Lábẹ́ òfin gbígba ilẹ̀ ti 1894 tí wọ́n lò ní Íńdíà títí 2013 fi parí, ẹni tó bá gbowó láìsọ pé òun kò fara mọ́ ọn ti pàdánù ẹ̀tọ́ láti pe ẹjọ́ nìyẹn. Gbólóhùn kan péré tí kò sọ ló fà á!

Níwájú adájọ́, ìbéèrè ni pé: èló ni ẹni tó fẹ́ ra ilẹ̀ yìí, tí nǹkan kan ò lé e, ìbá san fún ẹni tó fẹ́ tà á, tí ẹnikẹ́ni ò fipá mú? Ó ya ni lẹ́nu díẹ̀, torí ẹni tó ń pẹjọ́ kò fẹ́ tà rí.

Iye ti ọjọ́ wo? Òfin 1894 yẹn ní kí wọ́n wo ọjọ́ tí ìjọba kéde pé òun fẹ́ gba ilẹ̀. Bí ilẹ̀ bá sì gbówó lórí nítorí iṣẹ́ tí ìjọba fẹ́ ṣe níbẹ̀, wọn kì í ka àlékún yẹn mọ́ ọn. Ìdájọ́ kan tí Privy Council, ilé ẹjọ́ ìkẹyìn ní Lọ́ńdọ̀nù fún àwọn ilẹ̀ tí Gẹ̀ẹ́sì ń ṣàkóso, dá ní 1947, lórí ẹjọ́ tó ti Trinidad wá, ni àwọn agbẹjọ́rò máa ń tọ́ka sí lórí èyí.

Ẹ̀rí tó máa ń lágbára jù ni ìwé tí àwọn aládùúgbò fi ta ilẹ̀ tiwọn. Onílẹ̀ á mú ìwé ilẹ̀ kékeré kan tó wà lẹ́bàá títì wá. Agbẹjọ́rò ìjọba á dìde pé ilẹ̀ oníbàárà yín tóbi, ó wà lẹ́yìn, ẹni tó bá máa gé e tà gbọ́dọ̀ yọ ojú ọ̀nà àti gọ́tà sílẹ̀ kọ́kọ́. Ní Íńdíà, ilé ẹjọ́ sábà máa ń yọ nǹkan bí ìdá kan nínú mẹ́ta nítorí ìyẹn. Ohun tó tún ń dun onílẹ̀ jù ni pé aládùúgbò tó kọ iye kékeré sínú ìwé kó má baà san owó orí tó pọ̀ ti fi ìwé yẹn já iye ilẹ̀ gbogbo àdúgbò wálẹ̀.

Lórí iye tí wọ́n bá rí, òfin lè fi kún un. Láti 1984, Íńdíà ń fi ìdá 30 nínú ọgọ́rùn-ún kún un nítorí pé tipátipá ni wọ́n gbà á. Òfin tuntun tó bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ní 2014 sọ ọ́ di ìdá 100.

Ti Nàìjíríà yàtọ̀ pátápátá. Òfin Lílo Ilẹ̀ ti 1978 ní, ní abala 47, pé kò sí ilé ẹjọ́ tó gbọ́dọ̀ yẹ iye owó gbà-má-bínú wò bóyá ó tó tàbí kò tó. Abala 44 ìwé òfin orílẹ̀-èdè ti 1999 sì fún onílẹ̀ ní ẹ̀tọ́ láti lọ sílé ẹjọ́ tàbí ìgbìmọ̀ tó láṣẹ kí wọ́n lè mọ iye náà. Ìwé òfin kan náà ló tún dáàbò bo Òfin Lílo Ilẹ̀, nítorí náà àárín méjèèjì ni àwọn agbẹjọ́rò ti ń fà á.

Bí wọ́n ṣe ń ṣírò ọ̀hún náà le. Ilé ni iye tí wọn yóò fi kọ́ ọ lónìí, lẹ́yìn tí wọ́n bá ti yọ ti ogbó rẹ̀ kúrò. Irúgbìn ní iye tirẹ̀. Ilẹ̀ fúnra rẹ̀ kò ju owó ilẹ̀ tí onílẹ̀ san fún ìjọba lọ́dún tí wọ́n gba ilẹ̀ náà lọ, bó bá san án rárá. Ìdílé tí kò san irú owó bẹ́ẹ̀ rí lè gbowó lórí igi ọsàn wọn, kí wọ́n má gba kọ́bọ̀ lórí ilẹ̀ tí igi náà ti hù.