Kí ni fansub? Iṣẹ́ ọwọ́ àwọn tí kò jẹ́ kí akọni Jàpáànù àtijọ́ parẹ́

Ẹni tó ń wo fíìmù Yorùbá mọ Gẹ̀ẹ́sì tó máa ń sáré kọjá nísàlẹ̀. Sọ́bútáítù nìyẹn. Tó bá jẹ́ àwọn tó fẹ́ràn eré náà ló fúnra wọn jókòó kọ ọ́, tí ẹnikẹ́ni kò bẹ̀ wọ́n, tí wọn kò sì gba kọ́bọ̀, fansub là ń pè é.

Eré tokusatsu ni iṣẹ́ yìí ti wúlò jù lójú mi. Tokusatsu ni eré Jàpáànù tí wọ́n ń fi ọgbọ́n kámẹ́rà, aṣọ ẹranko abàmì àti ilé kéékèèké àfọwọ́kọ́ ṣe. Ultraman bọ́ sórí tẹlifíṣọ̀n lọ́dún 1966, Kamen Rider lọ́dún 1971. Bí ẹ bá wo Power Rangers nígbà èwe, ẹ ti rí lára rẹ̀: inú Zyuranger, eré Jàpáànù ti 1992, ni àwọn ará Amẹ́ríkà ti gé ìjà àkọ́kọ́ wọn.

Ní nǹkan bí ọdún 1970, téèpù wọ́n. Bí wọ́n bá ti gbé eré jáde tán, wọ́n á gba nǹkan mìíràn lé e lórí. Báyìí ni Totsugeki! Human!! ti 1972, apá mẹ́tàlá, ṣe ṣègbé. Èyí tí wọ́n yà sórí fíìmù tí a ń fọ̀ bíi ti fọ́tò ló yè jù. Síbẹ̀, èyí tó yè nílé kò tíì dé etí ẹni tí kò gbọ́ èdè náà.

Olólùfẹ́ kan á gbé kásẹ́ẹ̀tì tó ti gbà láti orí tẹlifíṣọ̀n sínú ẹ̀rọ, á so ó mọ́ kọ̀ǹpútà. Kásẹ́ẹ̀tì wákàtí kan, wákàtí kan gbáko ni yóò gbà. Raw ni wọ́n ń pe ẹ̀dà yìí, bí ẹran tí kò tíì kan iná. Ẹlòmíràn á túmọ̀ ọ̀rọ̀, ẹlòmíràn á fi àkókò sí i. Inú fáìlì kékeré kan ni wọ́n ń kọ ọ̀rọ̀ àti àkókò náà sí. Ẹ wo inú rẹ̀:

00:03:12,400 --> 00:03:14,900
Mo para dà!

Ní ìṣẹ́jú kẹta àti àáyá méjìlá ni ọ̀rọ̀ náà yóò yọ, kò ní pé àáyá mẹ́ta tó fi lọ. "Henshin!" ni akọni ń ké níbẹ̀. Ọ̀pọ̀ olùtumọ̀ máa ń fi í sílẹ̀ bẹ́ẹ̀. Ní tiwa, a ti ní i: ta ni kò mọ ẹfọ̀n tó para dà di obìnrin?

Àwọn tó ni eré náà ṣì ní ẹ̀tọ́ wọn, ó sì yẹ ká sọ ọ́ gbangba: fansub kò gbàṣẹ. Toei, ilé-iṣẹ́ tó ṣe Kamen Rider, ṣí ojú ìkànnì YouTube fún eré àtijọ́ rẹ̀ lọ́dún 2020. Ibi tó bá ti wà lọ́nà ẹ̀tọ́, ibẹ̀ ni kí ẹ ti wò ó.

Ṣùgbọ́n fáìlì kékeré yẹn ni mo kà sí ọkàn iṣẹ́ náà. Àwọn kan máa ń lẹ ọ̀rọ̀ mọ́ àwòrán pátápátá. Bí àwòrán bá ti bàjẹ́, ìtumọ̀ náà bá a lọ. Bí fáìlì ọ̀rọ̀ bá dá wà, tí DVD tó mọ́ bá jáde lọ́la, ẹ kàn máa sún gbogbo ìlà síwájú ní àáyá méjì, ọ̀rọ̀ àti ẹnu á tún bára mu.