Ṣíṣá Ẹ̀dà, Kì í Ṣe "Ìpàdánù Ìran"

Ẹnìkan túmọ̀ generation loss, ìyẹn bí dídára àwòrán kásẹ́ẹ̀tì fídíò ṣe ń dínkù tí a bá ń ṣe ẹ̀dà látara ẹ̀dà, sí "ìpàdánù ìran". Ó dùn mí gan-an. Tí Yorùbá bá gbọ́ pé ìran kan pàdánù, agboolé tó di ahoro ló máa rò, kò ní rò ó pé kásẹ́ẹ̀tì ni. Ẹlòmíì ní "ìbàjẹ́ àdàkọ". Ta ló kọ nǹkan sórí kásẹ́ẹ̀tì? Ẹ̀dà là ń pè é. Kò sì bàjẹ́, àwòrán ṣì ń jáde. Aṣọ tó ṣá kò tíì ya. Ṣíṣá ẹ̀dà lèmi ń pè é, ó sì bá a mu, torí lórí VHS, kásẹ́ẹ̀tì fídíò tí a ń lò nílé, àwọ̀ ló ń kọ́kọ́ lọ. Gèlè pupa á ṣàn kọjá etí ara rẹ̀, á lọ kun ògiri tó wà lẹ́yìn.

Ẹ wo káfíńtà tó fẹ́ gé pákó mẹ́wàá. Tó bá ń fi pákó àkọ́kọ́ wọn ìyókù, wọn á dọ́gba. Tó bá jẹ́ èyí tó ṣẹ̀ṣẹ̀ gé ló fi ń wọn èyí tó kàn, ojú ìlà pẹ́ńsùlù á máa wọlé lọ́kọ̀ọ̀kan, ìkẹwàá á sì gùn ju àkọ́kọ́ lọ. Ojú ìlà yẹn ni ariwo inú ẹ̀rọ, àbùkù kéékèèké tí ẹ̀rọ ń fi kún àwòrán: ẹ̀dà kọ̀ọ̀kan gba ti ẹ̀rọ tó ṣe é, ó tún jogún ti ẹ̀dà tó bí i. Fáìlì orí kọ̀ǹpútà kò ní wàhálà yẹn, nọ́ńbà ni. Àfi tí wọ́n bá ń fún un pọ̀ léraléra kó lè kéré sí i, tí nǹkan sì ń jábọ́ nínú rẹ̀.

Ní ṣọ́ọ̀bù bàbá mi, kí n tó lọ ṣe ẹ́dítà ní ilé iṣẹ́ tẹlifíṣàn, ẹ̀rọ fídíò méjìlá ń gbà látara másítà kan ṣoṣo, ìyẹn kásẹ́ẹ̀tì àkọ́kọ́ tí a fi ń ṣe ẹ̀dà, lórí U-matic, irú kásẹ́ẹ̀tì ńlá tí àwọn oníṣẹ́ fídíò ń lò. Fíìmù wákàtí méjì, wákàtí méjì la ó fi jókòó tì í. Lọ́jọ́ kan, oníbàárà kan gbé kásẹ́ẹ̀tì wá, ó ní ẹ̀rọ wa ti ba fíìmù òun jẹ́. Ẹ̀dà tí wọ́n ṣe látara ẹ̀dà míì ni. Bàbá mi ò bá a jà. Ó fi tiẹ̀ sínú ẹ̀rọ kan, ó fi másítà sí èkejì, ó sì fi ìka tọ́ka sí etí gèlè lórí tẹlifíṣàn méjèèjì. Ọkùnrin náà tẹjú mọ́ ọn títí.

"Bàbá, ó mà ti ṣá o."

Ẹnu rẹ̀ ni mo ti gba ọ̀rọ̀ náà.