Ṣé ìjọba ló lé ìpolówó sìgá kúrò lórí tẹlifíṣọ̀n Amẹ́ríkà lóòótọ́?

Ohun tí ọ̀pọ̀ èèyàn gbà gbọ́ ni pé ìjọba Amẹ́ríkà fipá lé ìpolówó sìgá kúrò lórí tẹlifíṣọ̀n ní 1971, àwọn kọ́ńpìnnì sì fi ẹkún lọ sílé. Ẹ jọ̀ọ́, kò rí bẹ́ẹ̀ o. Òfin wà lóòótọ́, Ààrẹ Nixon ló buwọ́ lù ú ní 1970, àmọ́ àwọn kọ́ńpìnnì yẹn fúnra wọn ti lọ sọ níwájú àwọn aṣòfin ní 1969 pé àwọn ṣe tán láti kó ìpolówó àwọn kúrò níbẹ̀.

Kí ló fà á? Ẹ wo William Talman. Òṣèré ni, òun ló ṣe lọ́yà ìjọba nínú eré tẹlifíṣọ̀n Perry Mason, èyí tí wọ́n máa ń borí ẹ̀ nílé ẹjọ́ ṣáá. Ní 1968 ó bá àjọ tó ń gbógun ti jẹjẹrẹ ṣe ìkìlọ̀ kan lórí sìgá mímu fún tẹlifíṣọ̀n, ó fi ilé ẹ̀ hàn, ó fi ìyàwó àtàwọn ọmọ ẹ̀ hàn, ó wá ní pípàdánù ẹjọ́ nínú eré ò dun òun, àmọ́ ìjà kan wà báyìí tóun ò fẹ́ pàdánù rárá, torí tóun bá pàdánù ẹ̀, òun máa pàdánù ìyàwó àtàwọn ọmọ tẹ́ ẹ rí yẹn, jẹjẹrẹ ẹ̀dọ̀fóró ló ń ṣe òun. Ojú ẹ̀ ti rẹ̀ gan-an. Oṣù August ọdún yẹn ló kú, ọmọ ọdún 53, kí wọ́n tó gbé e sáfẹ́fẹ́. Mi ò lè wò ó kí ọkàn mi má bàjẹ́.

Ọ̀fẹ́ nirú ìkìlọ̀ bẹ́ẹ̀ ń jáde o! Látọdún 1967 ni FCC, àjọ ìjọba tó ń bójú tó rédíò àti tẹlifíṣọ̀n, ti pàṣẹ pé tẹlifíṣọ̀n tó bá gbowó ìpolówó sìgá gbọ́dọ̀ fún àwọn tó ń kìlọ̀ náà láyè, bẹ́ẹ̀ ni iye sìgá tí wọ́n ń mu bẹ̀rẹ̀ sí í lọ sílẹ̀. Ibi tó ti ń ta àwọn kọ́ńpìnnì nìyẹn. Wọ́n mọ̀ pé tí ìpolówó àwọn bá ti kúrò, àṣẹ yẹn ò de tẹlifíṣọ̀n kankan mọ́, bó sì ṣe rí nìyẹn, ìkìlọ̀ wá ṣọ̀wọ́n, mímu sìgá tún gbérí láwọn ọdún bíi mélòó kan tó tẹ̀ lé e. Owó ìpolówó sì rèé, ó ti gba inú ìwé ìròyìn àti pátákó ẹ̀gbẹ́ títì lọ, ó dé ìdí tẹ́níìsì àwọn obìnrin, ó dé ìdíje eré mọ́tò NASCAR, níbi tí kámẹ́rà tẹlifíṣọ̀n ti máa ń ya, nígbà yẹn, orúkọ sìgá tí wọ́n kọ gàdàgbà sẹ́gbẹ̀ẹ́ pápá.