Faversham, Orírun Búróòṣì Wúrà Àwọn Saxon

Ní nǹkan bí ọdún 1858, nígbà tí wọ́n ń la ojú irin rélùwéè gba ìlú Faversham ní Kent, ní gúúsù ìlà-oòrùn ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, àwọn lébìrà tí ń fi ṣọ́bìrì wa ilẹ̀ bẹ̀rẹ̀ sí í kan ibojì tí wúrà àti fàdákà wà nínú rẹ̀. King's Field, ìyẹn Oko Ọba, ni orúkọ ibẹ̀. Ohun tí wọ́n rí níbẹ̀ ló jẹ́ kí n gbà pé Faversham ni orírun búróòṣì olókùúta pupa, èyí tí àwọn obìnrin Kent fi ń so aṣọ wọn lábẹ́ ọrùn.

Ẹ jẹ́ kí a kọ́kọ́ wo orúkọ ìlú náà. “Ham” ni ilé tàbí ìletò nínú èdè Gẹ̀ẹ́sì àtijọ́. Àwọn onímọ̀ sọ pé ìdajì tó ṣáájú wá láti inú “faber”, orúkọ tí àwọn ará Róòmù ń pe alágbẹ̀dẹ. Ilé Alágbẹ̀dẹ nìyẹn, bí a ṣe ń pe agboolé nílé wa gan-an. Ọ̀rọ̀ Róòmù kò sì lè dédé lẹ̀ mọ́ ìletò àwọn Saxon, àwọn tó ti òkè òkun wá tẹ̀dó sí ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì lẹ́yìn àwọn ará Róòmù. Èrò tèmi ni pé nígbà tí àwọn ọmọ ogun Róòmù kó kúrò ní ìbẹ̀rẹ̀ ọ̀rúndún karùn-ún, àwọn alágbẹ̀dẹ kan kò pa iná ẹwìrì wọn, pé ẹnu iṣẹ́ ni àwọn àlejò òkè òkun bá wọn, tí wọ́n sì kọ́ṣẹ́ lọ́dọ̀ wọn. Ó ṣeé ṣe kí ọba Kent fúnra rẹ̀ ti máa bójú tó wọn, nítorí ìwé ẹ̀bùn ilẹ̀ kan ti ọdún 811 pe Faversham ní ìlú kékeré ti ọba.

Iṣẹ́ náà gba sùúrù. Alágbẹ̀dẹ yóò to ọ̀já wúrà tẹ́ẹ́rẹ́ lóòró títí wọn yóò fi di yàrá wẹ́wẹ́, yóò gé òkúta pupa tí wọ́n ń pè ní gánẹ́ẹ̀tì pẹlẹbẹ kí ó bá yàrá kọ̀ọ̀kan mu rẹ́gí, ṣùgbọ́n kí ó tó fi òkúta sí i, yóò tẹ́ wúrà fẹ́lẹ́fẹ́lẹ́ tí ó ti fín sí abẹ́ rẹ̀, kí ìmọ́lẹ̀ lè ta padà, kí òkúta náà sì máa pọ́n bí ẹ̀yín iná. Láti Íńdíà àti Sri Lanka ni ọ̀pọ̀ gánẹ́ẹ̀tì wọn ti wá.

Àwọn kan ní àwọn Frank, ẹ̀yà tó wà ní òdìkejì òkun, ló kọ́ Kent níṣẹ́, nítorí irú iṣẹ́ bẹ́ẹ̀ wà lára idà inú ibojì Childeric, ọba wọn, tí wọ́n hú ní Tournai, ní ilẹ̀ Belgium òní, lọ́dún 1653. Idà ọba nìyẹn, kì í ṣe búróòṣì obìnrin Kent. Àwọn tí ń tọ́ka sí Sutton Hoo, ibojì olówó iyebíye kan ní ìlà-oòrùn ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì tí wọ́n hú lọ́dún 1939, pé ibẹ̀ ni iṣẹ́ náà ti bẹ̀rẹ̀, náà kò rò ó dáadáa: ọ̀rúndún keje ni ti Sutton Hoo, Kent sì ti ń ṣe búróòṣì tirẹ̀ láti ọ̀rúndún kẹfà.

William Gibbs, ará Faversham, kó ọ̀pọ̀ nínú àwọn ohun náà jọ, ó fi wọ́n sílẹ̀ fún ìjọba lọ́dún 1870, wọ́n sì wà ní British Museum lónìí. Ṣùgbọ́n nígbà tí wọ́n ń la ojú irin náà, òfin kò ka ohun inú ibojì sí ìṣúra, ẹnikẹ́ni kò sì ní kí àwọn lébìrà Faversham kọ nǹkan kan sílẹ̀. Ìdí nìyẹn tí a kò fi mọ ibojì tí púpọ̀ nínú búróòṣì wọ̀nyẹn ti jáde.