Iṣẹ́ tí wọ́n rán ọmọdé sí ahunṣọ ní Bùnú

Ẹni tó bá fẹ́ ya fíìmù nípa aṣọ ìpò ní ilẹ̀ Bùnú, lẹ́bàá Kàbà ní Ìpínlẹ̀ Kogí, yóò kọ́kọ́ kan ìṣòro kan. Aṣọ pupa yìí, aṣọ òkú àgbà ni, kò sì sí ẹni tó lè bá ikú dá ọjọ́. Bí ayàwòrán bá jókòó sí Kàbà tó ń dúró de ìgbà tí olóyè kan yóò kú, owó á tán lọ́wọ́ rẹ̀. Bó bá sì ní kí wọ́n ṣe bí ẹni pé olóyè ti kú, wọ́n á lé e jáde nílùú, ẹjọ́ wọn kọ́.

Ọ̀nà àbáyọ kan ni kí ó pa òtítọ́ àti àròsọ pọ̀. Á wá ahunṣọ gidi, nínú ilé rẹ̀, nídìí òfì rẹ̀. Nǹkan kan ṣoṣo ni wọ́n á dá sílẹ̀: ọmọdé kan á wọlé, á kí i, á ní wọ́n rán òun wá láti abúlé kejì pé wọ́n ń wá aṣọ. Irọ́ ni iṣẹ́ yẹn. Ohun tó tẹ̀ lé e kì í ṣe irọ́: bí ahunṣọ ṣe ń wá òwú, bó ṣe ń ráhùn pé ó ti wọ́n, bí ọwọ́ rẹ̀ ṣe ń lọ tó ń bọ̀. Kò sí ìwé eré. Ìbéèrè kan ni ayàwòrán ní: "Bí irú iṣẹ́ báyìí bá dé, kí lẹ ó ṣe?"

Ohùn ló wá ta gbogbo rẹ̀ yọ. Lọ́dún 1957, Jean Rouch, ọmọ ilẹ̀ Faransé, ya irú fíìmù bẹ́ẹ̀ ní Treichville, ní Abidjan, pẹ̀lú àwọn ọ̀dọ́ tó ti Niger wá ṣiṣẹ́. Kámẹ́rà rẹ̀ kò lè gba ohùn mọ́ àwòrán. Nígbà tó yá, ó gbé àwòrán síwájú Oumarou Ganda, ọ̀kan nínú wọn, ó ní kó máa sọ̀rọ̀ bó ṣe ń wo ara rẹ̀. Ganda fúnra rẹ̀ padà di olùdarí fíìmù.

Fóònù lásán ń gba ohùn lónìí, síbẹ̀ ọgbọ́n yẹn kò tíì gbó. Ahunṣọ tó bá ń wo ọwọ́ ara rẹ̀ lè rántí pé aṣọ pupa òyìnbó ni wọ́n máa ń tú láyé àtijọ́ kí wọ́n tó rí òwú ìpò. Kí wọ́n jẹ́ kó fi ẹnu Bùnú sọ ọ́ o; bí wọ́n bá ní kó sọ Yorùbá inú ìwé, ọ̀rọ̀ á há sí i lẹ́nu.

Tó bá di títo àwòrán àti ohùn fíìmù náà pọ̀, àwọn kan á fi ohùn ayàwòrán sílẹ̀ níbi tó ti ń sọ fún ọmọdé náà pé, "Padà síta, tún wọlé." Àwọn mìíràn á gé e kúrò. Fífi í sílẹ̀ ló sàn: òǹwòrán á mọ ibi tí irọ́ wà, kò sì ní máa fura sí òfì.

Aṣọ tí wọ́n hun nítorí irọ́ yẹn ńkọ́? Aṣọ gidi ni. Kí kámẹ́rà tó wọlé rárá ni ayàwòrán ti gbọ́dọ̀ san owó rẹ̀, kó sì bá àwọn àgbà fẹnu kò lórí ọwọ́ ẹni tí yóò bọ́ sí.