Ajá kì í bu ẹni tí kò bẹ̀rù jẹ: ta ló sọ bẹ́ẹ̀?

Bí ẹ bá ń gbé Kubwa, Gwarinpa tàbí Lugbe ní Àbújá, ó dájú pé ẹ ti gbọ́ ọ lẹ́nu onílé tó ń ṣí géètì fún yín: "Ẹ̀gbọ́n, ẹ má bẹ̀rù, kò ní ṣe yín ní nǹkan kan. Ẹ ṣáà tẹjú mọ́ ọn." Ajá ń gbó kíkankíkan, mégáádì di ṣéènì rẹ̀ mú, àlejò sì dúró gbọnin, ó ranjú mọ́ ajá. Bí ajá bá dákẹ́, wọ́n á ní, "Ẹ ò rí i? Ó ti mọ̀ pé ẹ ò bẹ̀rù." Bí ó bá sì bu àlejò jẹ, wọ́n á ní ẹ̀rù ti wà lọ́kàn rẹ̀ tẹ́lẹ̀, ajá ló gbọ́ òórùn rẹ̀. Ìgbàgbọ́ tó bá ti ní àwíjàre sílẹ̀ fún ìhà méjèèjì báyìí, ó yẹ ká fura sí i.

Ẹranko tí kò mọ̀ wá rí kì í ka ọkàn wa. Ara wa ló ń kà: ojú wa, ọwọ́ wa, bí a ṣe dúró, bí a ṣe ń sún mọ́ ọn. Ẹni tí àyà rẹ̀ ń já, àmọ́ tó dúró jẹ́jẹ́, tó yíjú sẹ́gbẹ̀ẹ́, tó sì fún ajá láyè, ewu tirẹ̀ kéré sí ti akọni tó ń ranjú, tó ń na ọwọ́.

Ọ̀rọ̀ òórùn ẹ̀rù yẹn kì í kúkú ṣe irọ́ pátápátá. Lọ́dún 2018, àwọn onímọ̀ kan ní Naples, lórílẹ̀-èdè Ítálì, gba òógùn abíyá àwọn ọkùnrin kan nígbà tí wọ́n ń wo fíìmù adẹ́rùbani, wọ́n sì tún gbà á nígbà tí wọ́n ń wo èyí tó ń múnú ẹni dùn. Wọ́n wá jẹ́ kí àwọn ajá Labrador àti Golden Retriever gbọ́ òórùn òógùn náà nínú yàrá tí olówó wọn àti àlejò kan jọ wà. Àwọn tó gbọ́ òórùn ẹ̀rù, ọkàn wọn ń lù kìkì, ara wọn kò balẹ̀, ọ̀dọ̀ olówó wọn ni wọ́n ń sá lọ. Àwọn tó gbọ́ òórùn ayọ̀ ló túbọ̀ ń tọ àlejò lọ. Ẹ wò ó dáadáa: òórùn ẹ̀rù kò sọ ajá di akin, ojora ló kó bá òun náà. Nítorí náà, ẹni tó bá ní kí ẹ má bẹ̀rù kò ràn yín lọ́wọ́, torí ẹ ò lè pàṣẹ fún òógùn ara yín. Ohun tó wà níkàáwọ́ yín ni ẹsẹ̀ yín, ọwọ́ yín àti ojú yín.

Ojú gan-an sì ni wàhálà ti ń bẹ̀rẹ̀. Kò sí ọmọ Yorùbá tí wọn ò bá wí rí pé kó má tẹjú mọ́ àgbàlagbà. Bákan náà ni ọmọdé kì í kọ́kọ́ na ọwọ́ sí àgbà pé kó bọ̀ ọ́. Àgbà ló ń na tirẹ̀ bó bá wù ú. Kí ẹ kàn mú òfin ilé wa méjèèjì yìí lọ bá ajá àjèjì, ẹ ti mọ ohun tó pọ̀ jù nínú ọ̀rọ̀ yìí. Láàárín ajá sí ajá, kí ọ̀kan tẹjú mọ́ èkejì láìṣẹ́jú, ìhàlẹ̀ ni. Ajá tó fẹ́ àlàáfíà á gbójú sẹ́gbẹ̀ẹ́, á gba ẹ̀gbẹ́ kọjá, kò ní wá tààrà. Èmi ò mọ ìdí tí a fi rò pé ohun tó ń bí àgbà nínú nílé wa yóò máa dùn mọ́ ẹranko tó ní eyín.

Ọwọ́ ńkọ́? Ọ̀pọ̀ ẹni tó ti kàwé, tó sì fẹ́ràn ajá, ló ń sọ pé kí ẹ na ẹ̀yìn ọwọ́ sí i nímú kó lè gbóòórùn yín. Ète wọn dára, ṣùgbọ́n ajá kò nílò rẹ̀. Ibi tí ń gbóòórùn nínú imú ajá ní nǹkan bí 200 mílíọ̀nù sí 300 mílíọ̀nù sẹ́ẹ̀lì tó ń ṣe iṣẹ́ náà. Ti ènìyàn kò ju nǹkan bíi 5 tàbí 6 mílíọ̀nù lọ. Kí ẹ tó sọ̀kalẹ̀ nínú kẹ̀kẹ́, ó ti gbóòórùn ẹja tí ẹ jẹ lánàá. Ọwọ́ tí ẹ nà kò fi kún ìmọ̀ rẹ̀, ààyè rẹ̀ ló gbà. Bí ajá bá wà ní igun ògiri tàbí lórí ìdè, ọwọ́ yẹn á dà bíi pé ẹ ti dí ọ̀nà mọ́ ọn.

Ọ̀rọ̀ ìdè yìí ṣe pàtàkì ní Àbújá ju ibi púpọ̀ lọ. Ajá ṣọ́lé ni ọ̀pọ̀ ń sìn: Alsatian, Rottweiler, Boerboel, Caucasian onírun jìbàtà-jibata tí oòrùn ìlú yìí ń pa lára. Inú àgò ni wọ́n ń wà lọ́sàn-án, alẹ́ ni wọ́n ń tú wọn sílẹ̀. Ẹranko tí ẹ̀rù bà ní ọ̀nà bíi mélòó kan: kó sá, kó dúró sójú kan, kó jà. Ẹni tó so ó mọ́lẹ̀ ti mú sísá kúrò. Yàtọ̀ sí ìyẹn, láti nǹkan bí ọ̀sẹ̀ 3 sí ọ̀sẹ̀ 14 lẹ́yìn ìbí ni ọmọ ajá ń kọ́ ohun tó jẹ́ ojúlówó ọ̀rẹ́ àti ohun tó jẹ́ àjèjì. Èyí tí wọ́n tì mọ́ àgò lásìkò yẹn, tó jẹ́ mégáádì nìkan ló ń rí, gbogbo àlejò ni yóò máa bà á lẹ́rù bó bá dàgbà. Wọ́n á ní ajá náà gbóná. Ojo ni ọ̀pọ̀ nínú wọn.

Ọgbọ́n kejì tí a mọ̀ dáadáa ni ká bẹ̀rẹ̀ bí ẹni fẹ́ ṣa òkúta. Lóòótọ́, ajá ìgboro Nyanya tàbí Mararaba á fi ìrù sí abẹ́ sá lọ, torí pé wọ́n ti sọ ọ́ lókò títí ó fi mọ ìbẹ̀rẹ̀ ènìyàn. Ṣùgbọ́n èyí tí wọ́n bí sínú ilé olówó ní Maitama kò rí òkò rí. Ẹ bá bẹ̀rẹ̀ níwájú rẹ̀, ojú yín lẹ gbé sún mọ́ ẹnu rẹ̀ yẹn. Èyí tó sá pàápàá kò gbàgbé. Ẹ̀kọ́ tó kọ́ ni pé àlejò kò dára, ẹlòmíràn ni yóò sì jẹ gbèsè rẹ̀ lọ́la.

Nígbà náà, báwo ni àlejò ṣe ń ṣe é? Ẹ jẹ́ kí onílé wà níbẹ̀, kó sì fi ohùn pẹ̀lẹ́ bá ajá sọ̀rọ̀. Ẹ fẹ̀gbẹ́ sí i, ẹ jẹ́ kí ọwọ́ yín rọ̀ sílẹ̀, ẹ wo ilẹ̀ tàbí kí ẹ máa bá onílé sọ̀rọ̀ lọ. Bí àga bá wà, ẹ jókòó. Ajá tó bá fẹ́ mọ̀ yín á wá fúnra rẹ̀, á gbóòórùn bàtà, á gbóòórùn sòkòtò, ó lè padà lẹ́ẹ̀mejì kó tún wá. Ẹ má fi ọwọ́ kàn án lẹ́ẹ̀kan náà. Ibi tí ọ̀pọ̀ wa ti ń ba iṣẹ́ jẹ́ nìyí: ajá ṣẹ̀ṣẹ̀ gbóòórùn tán, a ti fi ọwọ́ bo orí rẹ̀. Ọwọ́ tó ń bọ̀ láti òkè kì í dùn mọ́ ọn. Bí ó bá ti fara tì yín, ẹ rọra yún un ní àyà tàbí ní ẹ̀gbẹ́ ọrùn fún ìwọ̀nba ìṣẹ́jú àáyá mẹ́ta, kí ẹ sì mú ọwọ́ kúrò. Bó bá tún sún mọ́ yín, ó fẹ́ bẹ́ẹ̀. Bó bá dúró sí àyè rẹ̀ tàbí tó yíjú, ó ti tó nìyẹn fún òní. Ajá mìíràn wà tó jẹ́ pé ìbẹ̀wò kẹrin tàbí ìkarùn-ún ni yóò tó gbà, òmíràn kò ní gbà láéláé, kò sì burú. Kì í ṣe dandan kí gbogbo ajá fẹ́ràn wa.

Àmì tó yẹ kí ẹ mọ̀ ni ara tó le gbagidi, ẹnu tó pa dé lójijì, ojú tó ń fi funfun rẹ̀ hàn, kí ajá máa yán nígbà tí oorun kò kùn ún, tàbí kó máa lá ètè nígbà tí kò sí oúnjẹ. Bó bá ń kùn, ẹ má bá a wí. Ó ń kìlọ̀ ni. Ajá tí wọ́n ti nà títí tó fi jáwọ́ nínú kíkùn lè bu ènìyàn jẹ láìkìlọ̀. Ní ti ìrù, jíjù rẹ̀ kò túmọ̀ sí ìdùnnú nìkan. Lọ́dún 2007 àwọn onímọ̀ Ítálì kan rí i pé nígbà tí ajá bá rí olówó rẹ̀, ìrù rẹ̀ máa ń já sí ọwọ́ ọ̀tún rẹ̀ jù, ṣùgbọ́n nígbà tó rí ajá àjèjì tó ń ṣe bí ọ̀gá, ọwọ́ òsì ló já sí jù. Ẹ̀yin ò ní lè ka ọ̀tún òun òsì lẹ́nu géètì, ẹ kàn mọ̀ pé ìrù tó nà sókè gbagidi, tó ń mì tìtì, yàtọ̀ sí èyí tó ń mú gbogbo ìdí ajá mì.

Àwọn tó ń kọ́ ajá ṣọ́lé ní ìlú yìí á sọ fún yín pé kí ẹ fi hàn án pé ẹ̀yin lọ̀gá. Orí ìkookò ni ọ̀rọ̀ ọ̀gá yìí ti wá. Lọ́dún 1947 Rudolf Schenkel, onímọ̀ nípa ẹranko, kọ nípa àwọn ìkookò tí wọ́n kó jọ sínú ọgbà ẹranko ní Basel, ní Switzerland, tí wọ́n ń bá ara wọn jà du ipò ọ̀gá. David Mech ará Amẹ́ríkà tan ọ̀rọ̀ náà kálẹ̀ nínú ìwé rẹ̀ ní 1970. Òun kan náà ló sì wá sọ ní 1999, lẹ́yìn tó ti wo ìkookò inú igbó dáadáa, pé bàbá, ìyá àti àwọn ọmọ wọn ni agbo náà, kì í ṣe ọ̀gá àti ẹrú. Ọ̀rọ̀ àkọ́kọ́ ti tàn dé Àbújá, àtúnṣe rẹ̀ kò tíì dé.

Ẹranko mìíràn tó jẹ́ pé àríwá níbí la ti ń kọ́kọ́ pàdé rẹ̀ lójúkojú ni ẹṣin. Ẹni tó bá lọ wo Hawan Sallah ní Kano, tí UNESCO fi sínú àkọsílẹ̀ àṣà àgbáyé ní 2024, á rí ọmọdé tó ń sáré láti ẹ̀yìn kó lè fọwọ́ kan ìrù ẹṣin aláràbarà. Ẹgbẹ́ orí ni ojú ẹṣin wà, ó sì ń rí nǹkan bíi gbogbo àyíká rẹ̀, àfi iwájú imú rẹ̀ gan-an àti ẹ̀yìn ìdí rẹ̀. Ẹni tó yọ láti ẹ̀yìn kò sí lójú rẹ̀ títí yóò fi tapá. Ẹ bèèrè lọ́wọ́ ẹni tó gùn ún, ẹ sọ̀rọ̀ kó gbọ́ yín, èjìká rẹ̀ ni kí ẹ tọ̀, kì í ṣe iwájú orí, kì í ṣe ìdí.

Ẹṣin náà ló jẹ́rìí jù sí i pé ara ni ẹranko ń kà. Ní nǹkan bí 1904, ẹṣin kan tó ń jẹ́ Hans gbòde ní Berlin, ní Jámánì. Bí Wilhelm von Osten, olówó rẹ̀, bá ní kó fi mẹ́ta kún mẹ́rin, yóò fi pátákò lu ilẹ̀ lẹ́ẹ̀méje. Oskar Pfungst ló tú àṣírí rẹ̀, tó sì kọ ọ́ jáde ní 1907: bí oníbèèrè fúnra rẹ̀ kò bá mọ ìdáhùn, tàbí tí ẹṣin kò rí i, Hans kì í gbà á. Ohun tó ń wò ni orí oníbèèrè, tó máa ń mì díẹ̀ bí iye náà bá ti pé. Oníbèèrè kò mọ̀ pé òun ń ṣe é. Ẹni tó rò pé òun fi ẹ̀rù pamọ́ fún ajá nípa ríranjú, kó rántí Hans.

Àgbò iléyá, èyí tí gbogbo wa ń bá ṣeré: ẹ jọ̀ọ́, ẹ má jẹ́ kí ọmọ máa fi ọwọ́ tì í lórí. Eré ìkàn ni àgbò gbà pé ó ń kọ́ ọ. Ológbò ní tirẹ̀ (mo mọ̀ pé àwọn kan ti ń sọ pé àjẹ́ ni) fẹ́ kí ẹ rọra dijú kí ẹ sì là á. Àwọn onímọ̀ ní Yunifásítì Sussex rí i ní 2020 pé ó ṣeé ṣe kó tọ àlejò tó ṣe bẹ́ẹ̀ wá ju èyí tí ojú rẹ̀ kò sọ nǹkan kan lọ.

Bí ajá bá wá bu ènìyàn jẹ láìka gbogbo èyí sí, ẹ̀rù tó yẹ kó bà yín ni ti dìgbòlugi. Bí àmì rẹ̀ bá ti yọ lára ènìyàn, ikú ni ó sábà ń já sí. Ẹ má fi epo tàbí irun ajá sí ojú ọgbẹ́. Ọṣẹ àti omi tó ń ṣàn ni kí ẹ fi fọ̀ ọ́ fún ìṣẹ́jú 15, kí ẹ sì gba ilé ìwòsàn lọ fún abẹ́rẹ́ lọ́jọ́ náà. Ẹ bèèrè káàdì abẹ́rẹ́ àjẹsára ajá náà lọ́wọ́ olówó rẹ̀. Vom, nítòsí Jos, ni ilé-iṣẹ́ ìjọba tó ń ṣe abẹ́rẹ́ náà wà láti 1924. Kí wọ́n má sì pa ajá náà lójú ẹsẹ̀. Bó bá ṣeé ṣe láìséwu, kí wọ́n tì í mọ́lé fún ọjọ́ 10, kí dókítà ẹranko máa wò ó, torí bí àrùn náà bá ti wà nínú itọ́ rẹ̀ lọ́jọ́ tó bu ènìyàn jẹ, yóò ti hàn lára rẹ̀ kí ọjọ́ náà tó pé. Ẹni tó bù jẹ kò ní dúró de ọjọ́ 10 yẹn kó tó bẹ̀rẹ̀ abẹ́rẹ́ tirẹ̀.