Orichalcum: Àlùmọ́ọ́nì Iyebíye Ìlú Atlantis

Orichalcum ni orúkọ àlùmọ́ọ́nì kan tí wọ́n ní ó wà nínú ilẹ̀ erékùṣù Atlantis, ìlú àròsọ tí Plato, ọlọ́gbọ́n ará Áténì, kọ̀wé nípa rẹ̀ ní nǹkan bí ọdún 360 ṣáájú ìbí Jésù. Nínú ìwé rẹ̀ tó ń jẹ́ Critias, ó ní ibi púpọ̀ ni wọ́n ti ń wa orichalcum ní erékùṣù náà, àti pé láyé ìgbà yẹn, bí a bá yọ wúrà kúrò, kò sí ohun tó níye lórí tó o. Ó fi kún un pé ní ayé tòun, orúkọ rẹ̀ nìkan ló kù lẹ́nu àwọn ènìyàn. Gbólóhùn kékeré yìí ló bí ọ̀pọ̀ ìtàn àti ìwádìí tó ti wáyé lórí rẹ̀ títí di òní.

Níbi tí Plato ti ń ṣàpèjúwe ìlú náà ni a ti rí bí orichalcum ṣe rí. Ó ní wọ́n fi bàbà bo ògiri ìta, wọ́n fi tánńganran bo èyí tó tẹ̀ lé e, wọ́n sì fi orichalcum bo ti ààfin, èyí tó ń tàn bí iná. Nínú tẹ́ńpìlì Poseidon, òrìṣà òkun àwọn Gíríìkì, eyín erin ni wọ́n fi ṣe àjà, wọ́n sì fi wúrà, fàdákà àti orichalcum ṣe ọnà sí i lára. Níbẹ̀ náà ni ọwọ̀n orichalcum kan wà tí wọ́n fín òfin ìlú sí lára. Àwọn ọba mẹ́wàá tó ń ṣàkóso a máa péjọ síbẹ̀, wọn a mú akọ màlúù, wọn a sì dúńbú rẹ̀ lórí ọwọ̀n náà kí ẹ̀jẹ̀ rẹ̀ lè ṣàn sórí òfin tí wọ́n fín, kí wọ́n tó búra pé àwọn kò ní í rú u. Ẹni tó bá mọ bí àwọn baba wa ṣe ń fi ẹnu kan irin Ògún búra yóò rí i pé iye owó nìkan kọ́ ni Plato ń sọ.

Yàtọ̀ sí títàn tó ń tàn bí iná, Plato kò sọ pé orichalcum ní agbára àrà ọ̀tọ̀ kankan. Àwọn òǹkọ̀wé ìtàn àròsọ àti àwọn tó ń ṣe eré orí kọ̀ǹpútà ló fi ìyókù kún un: lọ́dọ̀ àwọn kan, idà tí wọ́n bá fi rọ kì í kújú, lọ́dọ̀ àwọn mìíràn, ó ń fún ẹ̀rọ ní agbára tí kì í tán.

Ṣé irú nǹkan bẹ́ẹ̀ tilẹ̀ wà rí? Ó wà. Àwọn Gíríìkì ti ń dárúkọ rẹ̀ kí wọ́n tó bí Plato, àwọn ará Róòmù sì ń fi orúkọ náà pe idẹ, ìyẹn àdàlù bàbà àti sínkì, irú èyí tí wọ́n fi dà púpọ̀ nínú àwọn orí tí wọ́n hú ní agbo ilé Wúnmọníjẹ̀ ní Ilé-Ifẹ̀ ní ọdún 1938. Sínkì ló sọ ọ́ di ohun ìjìnlẹ̀. Bàbà kì í yọ́ títí ìgbóná iná yóò fi dé 1,085 lórí òṣùwọ̀n Sẹ́síọ́ọ̀sì, ṣùgbọ́n bí ìgbóná bá ti dé 907, sínkì ti di oru, ó sì ti bá afẹ́fẹ́ lọ. Nítorí náà, alágbẹ̀dẹ ayé àtijọ́ tó bá da òkúta sínkì sínú iná kò ní í rí sínkì kankan kó jọ nísàlẹ̀ ìléru. Ọgbọ́n tí wọ́n dá ni pé wọ́n á gé bàbà wẹ́wẹ́, wọ́n á lọ òkúta náà kúnná, wọ́n á pò wọ́n pọ̀ mọ́ èédú nínú ìkòkò amọ̀, wọ́n á sì dé e pa. Bí iná bá ti ń mú un, èédú á tú sínkì sílẹ̀ lára òkúta, oru rẹ̀ kò ní í rí ọ̀nà jáde, inú bàbà ni yóò sì wọ̀ nígbà tí bàbà náà kò tíì yọ́. Tí wọ́n bá fi máa ṣí ìkòkò, bàbà pupa tí wọ́n kó sínú rẹ̀ ti di aláwọ̀ wúrà, bẹ́ẹ̀ ẹni tó ṣe é kò fojú rí irin kejì rí.

Èrò tèmi ni pé ibí yìí gan-an ni ìtàn àlùmọ́ọ́nì Atlantis ti fìdí múlẹ̀. Ohun tó dán, tó ṣọ̀wọ́n, tí kò sí ẹni tó lè sọ ohun tó wà nínú rẹ̀, kò ní í pẹ́ tí wọ́n á fi ní inú ilẹ̀ ló ti ń wá bẹ́ẹ̀. Ìwé Gíríìkì àtijọ́ kan sọ nípa àwọn Mossynoeci, tó ń gbé létí Òkun Dúdú, pé erùpẹ̀ kan tó wà nílẹ̀ wọn, tí wọ́n ń yọ́ mọ́ bàbà, ló ń jẹ́ kó dán yanran, kì í ṣe tánńganran. Pliny ará Róòmù, ní ọ̀rúndún kìíní lẹ́yìn ìbí Jésù, sọ̀rọ̀ rẹ̀ bí ohun tí wọ́n ń wà, ó ní ó ti tán nínú ilẹ̀, ó sì ti pẹ́ tí wọ́n ti rí i kẹ́yìn. Nínú Bíbélì pàápàá, Ẹ́sírà orí 8 ẹsẹ 27 ka ohun èlò méjì tí wọ́n fi bàbà dáradára ṣe mọ́ ìṣúra ilé Ọlọ́run, ó ní wọ́n ṣe iyebíye bíi wúrà. Ó ṣeé ṣe kó jẹ́ irú idẹ yìí ni.

Ní oṣù kìíní ọdún 2015, ìròyìn kàn pé wọ́n ti kó ègé irin 39 jáde nínú òkun nítòsí Gela, ní erékùṣù Sicily, níbi tí ọkọ̀ ojú omi kan rì sí ní nǹkan bí 2,600 ọdún sẹ́yìn. Àyẹ̀wò fi hàn pé ìdá 75 sí 80 nínú ọgọ́rùn-ún wọn jẹ́ bàbà, ìdá 15 sí 20 sì jẹ́ sínkì. Àwọn ìwé ìròyìn kan sáré kọ ọ́ pé wọ́n ti rí irin Atlantis. Ìyẹn ti kọjá ohun tí ẹ̀rí náà gbé. Ohun tó fi hàn ni pé idẹ ti wà lára ọjà tí ọkọ̀ ń kó gba etí òkun Sicily ní bí igba ọdún kí Plato tó kọ ìwé rẹ̀.

Ní ọdún 1746 ni Andreas Marggraf, onímọ̀ ará Jámánì, ṣàlàyé bí a ṣe lè yọ sínkì lára òkúta rẹ̀, bó tilẹ̀ jẹ́ pé àwọn ará Íńdíà ní Zawar ti ń ṣe é tipẹ́tipẹ́ ṣáájú rẹ̀. Lẹ́yìn ìgbà náà, ó ṣeé ṣe fún àwọn oníṣẹ́ Yúróòpù láti wọn bàbà lọ́tọ̀, kí wọ́n wọn sínkì lọ́tọ̀, kí wọ́n tó yọ́ wọn pọ̀ di idẹ.